Àlàfo Tí Ó Wà Lẹ́gbẹ̀ẹ́ Olórí

Ọkùnrin kan wà tí ó jẹ́ olórí orílẹ̀-èdè. Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run ní gbangba pé Ó kó òun yọ lọ́wọ́ ikú tí ẹnikẹ́ni kò fẹ́ fi pa á, ó sì jẹ́ kí aláìṣẹ̀ kan jókòó sí àtìmọ́lé fún ọ̀sẹ̀ mẹ́fà nítorí ìdúpẹ́ náà. Ohun tí ó ṣe nìyẹn. Mo tètè sọ ọ́ kí o má baà máa retí pé a ó rí ẹlòmíràn di ẹ̀bi náà rù. Ẹnikẹ́ni kò tàn án jẹ. Ó mọ òtítọ́ láti ìṣẹ́jú àkọ́kọ́, ó sì dákẹ́.

Síbẹ̀, ọkùnrin yìí kì í ṣe àgàbàgebè. Ohun tí ó mú kí ọ̀rọ̀ rẹ̀ máa dùn mí títí di òní nìyẹn. Ó ti ń kírun tipẹ́tipẹ́ kí ẹnikẹ́ni tó mọ orúkọ rẹ̀. Nígbà tí ó ṣì jẹ́ akọ̀wé kékeré ní ilé-iṣẹ́ omi, yàrá kan ni ó háyà ní àdúgbò àwọn apẹran, mọ́ṣáláṣí tí ó wà níbẹ̀ kò sì tóbi ju ilé ìgbọ́kọ̀sí lọ. Bí ó bá dúró lórí ìrun ọ̀sán, èjìká rẹ̀ ọ̀tún yóò kan ti apẹran, tòsì yóò kan ti ẹni tí ó ń po sìmẹ́ńtì. Òógùn wọn a máa rin aṣọ funfun tí ó wọ̀ lọ sí ọ́fíìsì. Kò bínú sí i rí. Ó máa ń sọ fún ìyàwó rẹ̀ pé ibẹ̀ nìkan ni òun ti ń rántí pé òun kò ju ẹnikẹ́ni lọ.

Nígbà tí ó díje fún ipò olórí, ìgbàgbọ́ rẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ènìyàn tìtorí rẹ̀ dìbò fún un, àti Mùsùlùmí àti Kìrìsìtẹ́nì. Wọ́n ní ẹni tí ó bá bẹ̀rù Ọlọ́run kò ní fi ìyà jẹ aráàlú. Òun náà gbà bẹ́ẹ̀ nípa ara rẹ̀.

Bí ó ti dé ilé ìjọba, ó ní òun kò ní máa kí ìrun Jímọ̀ nínú ilé bí ẹni tí wọ́n há mọ́. Mọ́ṣáláṣí ńlá olú-ìlú ni òun yóò máa lọ, láàárín àwọn ènìyàn. Àwọn ẹ̀ṣọ́ gbà fún un, ṣùgbọ́n wọ́n ní àwọn yóò ya ìtò àkọ́kọ́ sọ́tọ̀ fún olórí àti àwọn mínísítà rẹ̀, àwọn yóò sì fi àlàfo sílẹ̀ ní ọ̀tún àti ní òsì rẹ̀, èyí tí ó tó ẹnì kan í dúró sí ní ìhà kọ̀ọ̀kan. Olórí àwọn ẹ̀ṣọ́, ọ̀gágun kan tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀, ni ó fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ wọn àlàfo náà. Kìrìsìtẹ́nì ni ọ̀gágun yìí, kì í kírun. Ẹnu ọ̀nà mọ́ṣáláṣí ni ó máa ń dúró sí, ìbọ̀sẹ̀ dúdú lẹ́sẹ̀ rẹ̀, nítorí pé ó ti bọ́ bàtà rẹ̀ láti fi bọ̀wọ̀ fún ibẹ̀. Lójú tirẹ̀, àlàfo méjèèjì kò yàtọ̀ sí ọgbà tí a mọ yí ilé ká.

Ó ṣeé ṣe kí ìwọ tí o ń gbọ́ mi má jẹ́ Mùsùlùmí, nítorí náà jẹ́ kí n sọ èyí fún ọ. Ìtò ìrun kì í ní àlàfo. Èjìká ni yóò kan èjìká. Bí àlàfo bá wà níwájú, ẹni tí ó wà lẹ́yìn rẹ̀ ni ó yẹ kí ó gbé ẹsẹ̀ kan síwájú kí ó dí i. Kò ní tọrọ àyè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ọmọ ilé kéú tí kò tíì mọ lẹ́tà méjì kà mọ èyí. Ní gbogbo ọjọ́ Jímọ̀, kí lèmọ́mù mọ́ṣáláṣí ńlá náà tó bẹ̀rẹ̀ ìrun, yóò yíjú sẹ́yìn, yóò ní kí wọ́n tò ó gún, kí wọ́n dí àlàfo. Gbogbo mọ́ṣáláṣí a sún mọ́ra wọn. Ìtò àkọ́kọ́ nìkan ni kì í mira. Lèmọ́mù a wo àlàfo méjèèjì, a sì yí ojú rẹ̀ kúrò.

Ọdún mẹ́ta ni wọ́n fi ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀, ó ni olórí lára, ó tilẹ̀ bá ọ̀gágun sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan. Nígbà tí ó yá, kò sọ ọ́ mọ́. Nígbà tí ó tún yá, bí mínísítà kan bá ṣèèṣì fi apá kan án, òun fúnra rẹ̀ ni yóò sún kúrò.

Ọkùnrin kan wà ní olú-ìlú náà tí ó ń lẹ táyà ọkọ̀ ní ẹ̀bá ọ̀nà. Làsísì ni orúkọ rẹ̀. Ó ti tó ọmọ ọgọ́ta ọdún. Mọ́ṣáláṣí kékeré ẹ̀yìn ìsọ̀ rẹ̀ ni ó máa ń lọ, ṣùgbọ́n òrùlé ibẹ̀ ń jò, wọ́n sì ń tún un ṣe, nítorí náà ó wẹ̀ ní ọjọ́ Jímọ̀ kan, ó sì kọjá sí mọ́ṣáláṣí ńlá. Ó dé kí agogo mọ́kànlá tó lù. Àwọn ẹ̀ṣọ́ yẹ ara rẹ̀ wò, wọn kò bá ohunkóhun ju tẹ̀sùbáà rẹ̀ lọ, wọ́n sì jẹ́ kí ó jókòó sí ìtò kejì. Ẹ̀yìn àlàfo òsì olórí gan-an ni ó bọ́ sí.

Nígbà tí lèmọ́mù sọ pé kí wọ́n dí àlàfo, Làsísì rí àlàfo kan níwájú rẹ̀. Ó dúró díẹ̀, bóyá mínísítà tí ó wà lápá ibẹ̀ yóò sún. Mínísítà kò sún. Ó rò pé bóyá wọn kò gbọ́ ni. Bí lèmọ́mù ti kábàrá láti bẹ̀rẹ̀ ìrun, tí gbogbo ènìyàn gbé ọwọ́ sókè, òun náà gbé ọwọ́ sókè, ó sì gbé ẹsẹ̀ kan síwájú.

Olórí kò wo ẹ̀gbẹ́, nítorí ẹni tí ó wà lórí ìrun kì í wo ẹ̀gbẹ́. Ṣùgbọ́n ó gbọ́ òórùn sọlúṣọ̀n tí wọ́n fi ń lẹ táyà. Ó mọ̀ pé èjìká kan ti kan tirẹ̀, èjìká tí ó le, tí ó gbóná. Mo fẹ́ kí o mọ ohun tí ó ṣe ọkàn rẹ̀ ní ìṣẹ́jú yẹn, nítorí pé ibẹ̀ ni ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀ ti wúwo. Inú rẹ̀ dùn. Láàárín èémí méjì, ó padà di akọ̀wé ilé-iṣẹ́ omi, apẹran wà ní ọ̀tún rẹ̀, ìrun náà sì dùn lẹ́nu rẹ̀ bí kò ti dùn láti ọdún mẹ́ta.

Lẹ́yìn náà ni àwọn ẹ̀ṣọ́ dé. Ohun tí ọ̀gágun rí láti ẹnu ọ̀nà ni pé ọkùnrin kan tí òun kò mọ̀ ti kọlu olórí. Ẹnikẹ́ni kò ṣàlàyé ìtò ìrun fún un rí. Wọ́n fa Làsísì yọ sẹ́yìn, wọ́n sì gbá ojú rẹ̀ mọ́lẹ̀. Wọ́n ń bi í pé ta ni ó rán an. Kò dá wọn lóhùn, nítorí pé ó ti kábàrá, ẹni tí ó bá sì ti kábàrá kì í bá ènìyàn sọ̀rọ̀ títí yóò fi sálámà parí ìrun. Wọ́n wọ́ ọ jáde gba ẹnu ọ̀nà ẹ̀gbẹ́, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì wà lórí àyà rẹ̀ síbẹ̀. Wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé wọn pé ó jẹ́ ọ̀daràn líle, tí ó kọ̀ láti sọ̀rọ̀.

Olórí ń bá ìrun rẹ̀ lọ. N kò dá a lẹ́bi fún ìyẹn. Ṣùgbọ́n ìrun Jímọ̀ kì í gùn, ràká méjì péré ni. Nígbà tí ó sálámà, tí ó yíjú sí òsì, àyè náà ti ṣófo. Ọ̀gágun bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ sí etí rẹ̀.

"Ẹ má mikàn, sà. Ọwọ́ wa ti tẹ̀ ẹ́."

Olórí la ẹnu. Ọ̀rọ̀ tí ó yẹ kí ó sọ kò gùn rárá: ìrun ni ọkùnrin yẹn ń kí, ẹ dá a padà. Ṣùgbọ́n ariwo ti gba gbogbo mọ́ṣáláṣí, àwọn mínísítà ti rọ̀gbà yí i ká, ọ̀kan nínú wọn sì ti ń sunkún. Wọ́n gbé e sínú ọkọ̀. Ó sọ fún ara rẹ̀ pé bí òun bá délé, òun yóò sọ ọ́.

Kí ó tó délé, rédíò ti sọ tirẹ̀. Wọ́n ní apààyàn kan fẹ́ pa olórí nílé Ọlọ́run, Ọlọ́run sì kó o yọ. Olùdámọ̀ràn rẹ̀ pàtàkì, Alájì kan tí ó ti bá a ṣiṣẹ́ láti ìgbà ìpolongo ìbò, ń dúró dè é ní pálọ̀. Inú Alájì náà ń dùn, ó sì ń gbìyànjú láti má jẹ́ kí ó hàn. Ìbò tuntun kò ju oṣù mẹ́rin lọ mọ́. Àwọn tíṣà ń yanṣẹ́ lódì, aráàlú sì ti ń pe olórí ní orúkọ tí kò dára.

Olórí sọ fún un ní ohùn ìsàlẹ̀ pé ọkùnrin náà kàn fẹ́ dí àlàfo ni.

"Mo mọ̀, sà," ni Alájì wí. "Mùsùlùmí ni èmi náà. Ṣùgbọ́n lẹ́yìn tí gbogbo ìlú ti wà lórí eékún, tí wọ́n ń gbàdúrà fún yín, ṣé a ó wá sọ fún wọn pé kí wọ́n dìde, pé kò sí nǹkan kan? Ẹ jẹ́ kí wọ́n parí ìwádìí ná."

Ìwádìí náà ni olórí wá fi ń tu ara rẹ̀ nínú. Bí ó bá ti fẹ́ rántí, yóò ní wọ́n ń ṣèwádìí.

Wọ́n dúpẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì ní ọjọ́ Àìkú, wọ́n dúpẹ́ ní mọ́ṣáláṣí. Lẹ́yìn náà ni wọ́n kó ara wọn jọ sí pápá ìṣeré ńlá, bíṣọ́ọ̀bù ní ọ̀tún, àwọn àfáà ní òsì. Wọ́n fún olórí ní ẹ̀rọ gbohùngbohùn. Ó ní òun dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run tí ó kó òun yọ lọ́wọ́ apààyàn. Bí ó ti sọ ọ́ tán, omi bọ́ lójú rẹ̀. Kì í ṣe omijé ayọ̀, ṣùgbọ́n kámẹ́rà kò mọ ìyàtọ̀. Àwọn tíṣà padà sẹ́nu iṣẹ́ ní ọ̀sẹ̀ yẹn, wọ́n ní àwọn kò lè máa bá ẹni tí Ọlọ́run fẹ́ràn jà.

Láti ọjọ́ náà ni ìrun ti di wàhálà fún un. Bí ó bá bẹ̀rẹ̀, kò ní mọ iye ràká tí ó ti kí. Yóò tún un kí, yóò tún ṣìnà. Ó bẹ̀rẹ̀ sí gba ààwẹ̀ ní ọjọ́ Ajé àti Ọjọ́bọ̀. Ó ra màlúù, ó ní kí wọ́n fi ṣe sàráà. Ó rán àwọn arúgbó lọ sí Mẹ́kà. Ó ṣe gbogbo ohun tí Ọlọ́run kò bèèrè lọ́wọ́ rẹ̀, kí ó má baà ṣe ẹyọ kan tí Ó bèèrè. Mo rò pé o mọ irú ẹni bẹ́ẹ̀. Mo rò pé àwa méjèèjì mọ̀ ọ́n dáadáa.

Ìwádìí parí. Wọ́n ní àwọn yóò gbé Làsísì lọ sílé-ẹjọ́ ní ọjọ́ Ajé kan tí wọ́n dá, lórí ẹ̀sùn pé ó fẹ́ pa olórí orílẹ̀-èdè. Ikú ni ìyà ẹ̀sùn náà ní orílẹ̀-èdè wọn.

Ní ọ̀sẹ̀ kẹfà, lèmọ́mù mọ́ṣáláṣí ńlá tọrọ àyè láti rí olórí. Àgbàlagbà ni, ẹsẹ̀ sì ń dùn ún. Ó jókòó, ó sì ń wo kápẹ́ẹ̀tì. Ó ní obìnrin kan wá bá òun ní ọ̀sẹ̀ yẹn. Ó ní ìyàwó onítáyà ni. Sálúbàtà ọkọ rẹ̀ ni ó wá mú, èyí tí ọkọ rẹ̀ bọ́ sẹ́nu ọ̀nà ní ọjọ́ náà. Ó mọ̀ ọ́n láàárín gbogbo bàtà tó ṣẹ́kù, nítorí pé rọ́bà táyà ni ọkọ rẹ̀ fi ṣe okùn rẹ̀ nígbà tí ó já. Lèmọ́mù ní obìnrin náà kò bú ẹnikẹ́ni. Ohun kan péré ni ó bèèrè.

"Ó ní, ṣé ọkọ òun rí ìrun náà kí parí," ni lèmọ́mù wí. "Mi ò mọ ohun tí mo máa sọ fún un. Ọdún mẹ́ta ni mo ti ń wo àlàfo yẹn, tí mò ń yíjú kúrò. Ẹ̀bi tèmi náà wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin ni àṣẹ wà lọ́wọ́ yín, sà."

Ó dìde, ó sì bá tirẹ̀ lọ. Kò mu omi tí wọ́n gbé fún un.

Olórí kò lè jẹun ní ọjọ́ náà. Ní ọjọ́ kejì, ó gbéra lọ sí ìlú rẹ̀ láti lọ wo ìyá rẹ̀. Ìyá náà ti lé ní ọgọ́rin ọdún, kò lè dìde kírun mọ́, orí àga ni ó ti ń kí i. Bí ó ti rí ọmọ rẹ̀, ó na ọwọ́ sí i, ó fi ọwọ́ pa á lójú, ó pa á léjìká, bí ìgbà tí ó ń wá ibi tí ó ti fara pa. Ó ń sọ bí òun ti din àkàrà fún gbogbo àdúgbò ní ọjọ́ tí òun gbọ́ pé Ọlọ́run kó o yọ, bí òun ti ní kí wọ́n má gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ó ní òun jókòó ti agbada fúnra òun, kò sí ẹni tí ó lè lé òun dìde.

Lẹ́yìn náà ni ó wá béèrè pé kí ni wọ́n bá lọ́wọ́ ìkà náà, ṣé ọ̀bẹ ni àbí ìbọn.

"Wọn ò bá nǹkan kan lọ́wọ́ rẹ̀, Màmá."

"Kí ló wá fẹ́ fi pa ọ́?"

Olórí wo ilẹ̀. Ọmọ ọdún méjìlélọ́gọ́ta ni, gbogbo ọmọ ogun orílẹ̀-èdè ni ó ń kí i, ṣùgbọ́n kò lè gbójú sókè. Ó ní, "Àlàfo ló wá dí. Lèmọ́mù ní kí a dí àlàfo, ó sì wá dúró tì mí. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀ láti ìgbà yẹn."

Ọwọ́ ìyá rẹ̀ ṣì wà lórí èjìká rẹ̀, kò gbé e kúrò. Nígbà tí ó sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ kò le. Ohùn tí ó fi ń tù ú nínú nígbà tí ibà bá mú un ní kékeré ni.

"Àdìgún," ni ó wí, "láti ọjọ́ tí wọ́n ti fi ọ́ joyè yìí, gbogbo ìrun márààrún ni mo fi ń bẹ Ọlọ́run pé kí ó gbà ọ́ lọ́wọ́ àwọn ènìyàn. Mi ò mọ̀ pé ó yẹ kí n máa bẹ̀ Ẹ́ pé kí ó gba àwọn ènìyàn lọ́wọ́ rẹ."

Olórí bú sẹ́kún. Ìyá rẹ̀ fa orí rẹ̀ mọ́ra, ó sì jẹ́ kí ó sunkún tó. Nígbà tí ó dákẹ́, ó bi ìyá rẹ̀ pé kí ni kí òun ṣe. Ìyá náà ní kò bi òun nígbà tí ó ń ṣe é, kí ó má bi òun nígbà tí ó bá fẹ́ tún un ṣe. Ó ní kí ó bu omi wá, àkókò ìrun ti tó. Olórí bu omi, ó sì wẹ ẹsẹ̀ ìyá rẹ̀ fún un fún àlùwàlá. Ìyá náà wo bí ó ti ń fi ọwọ́ ra gbogbo àárín ọmọ ìka ẹsẹ̀ òun láìyọ ọ̀kan sílẹ̀. Ó ní, "O ṣì mọ̀ ọ́n ṣe."

Ní ọ̀sán ọjọ́ tí ó padà dé olú-ìlú, Ọjọ́rú ni, ó kọ ìwé pé kí wọ́n tú Làsísì sílẹ̀, kí wọ́n má gbé e lọ sílé-ẹjọ́ kankan. Alájì olùdámọ̀ràn bẹ̀ ẹ́ títí. Ó ní bí ó bá di dandan, kí wọ́n tú u sílẹ̀ wẹ́rẹ́, kí wọ́n ní olórí dárí jì í nítorí ọ̀wọ̀ oṣù ààwẹ̀ tí ó ń bọ̀. Ó ní aráàlú yóò tún fẹ́ràn rẹ̀ sí i. Olórí wò ó bí ẹni pé òun kò rí i dáadáa rí. Ó bi í pé ta ni yóò dárí ji ta ni.

Ní Ọjọ́bọ̀, kí wọ́n tó tú u sílẹ̀, ó lọ sí àtìmọ́lé fúnra rẹ̀. Wọ́n mú Làsísì jáde sí yàrá kékeré kan. Ó ti rù, eyín kan sì ti kúrò lẹ́nu rẹ̀. Olórí kúnlẹ̀. Àwọn ẹ̀ṣọ́ tí ó wà níbẹ̀ kò mọ ibi tí wọn yóò kọjú sí. Olórí ní òun ṣẹ̀ ẹ́, kí ó jọ̀wọ́ kí ó forí ji òun.

Làsísì ní kí ó dìde. Ó ní ilẹ̀ náà tutù. Lẹ́yìn náà ni ó sọ èyí tí ó wà ní ọkàn rẹ̀.

"Mo gbọ́ ẹ̀bẹ̀ yín, sà. Ṣùgbọ́n yàrá yìí nìkan ló gbọ́ ọ. Inú tẹlifíṣọ̀n ni àwọn àna ọmọ mi obìnrin ti gbọ́ pé apààyàn ni bàbá rẹ̀. Wọ́n ti dá a padà sílé báyìí, pẹ̀lú oyún nínú. Ta ló máa bá mi sọ fún wọn?"

Olórí ní kí Làsísì jọ̀wọ́ kí ó wá sí mọ́ṣáláṣí ní ọjọ́ kejì. Làsísì ní ọ̀kan nínú ìrun òun ṣì wà nílẹ̀ níbẹ̀, òun yóò wá.

Ìwọ tí mò ń bá sọ̀rọ̀, kí n tó sọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní ọjọ́ Jímọ̀ náà, ìwọ ni ọ̀rọ̀ yìí kàn. Bí ẹnì kan bá fẹ́ jẹ olórí wa, ohun tí a máa ń bèèrè ni bóyá ó ń gbàdúrà. Ìbéèrè ọmọdé ni. Ọkùnrin yìí gbàdúrà ní gbogbo ọ̀sẹ̀ mẹ́fẹ̀ẹ̀fà. Bèèrè ohun tí àdúrà rẹ̀ ń mú un ṣe bí ó bá dìde lórí rẹ̀, àti ẹni tí ó jẹ́ kí ó dúró ti òun. Má sì rò pé ọ̀rọ̀ àwọn tó wà nílé ìjọba nìkan ni mò ń sọ. Ìwọ náà ní ibi tí o ti jẹ́ olórí, ìbáà ṣe ilé rẹ, ìbáà ṣe ìsọ̀ rẹ, ìbáà ṣe ẹgbẹ́ tí o ti jẹ́ alága. Ẹnì kan ń jìyà níbẹ̀ nítorí ọ̀rọ̀ tí o mọ̀ tí o kò sọ, o sì ń gba ààwẹ̀ lé e lórí. Ọlọ́run tí o ń sìn kò fi ọ́ sílẹ̀. Òun ni kò jẹ́ kí ọkàn rẹ balẹ̀ lórí ìrun rẹ, Òun ni kò jẹ́ kí oúnjẹ lọ lọ́nà ọ̀fun rẹ. Àánú ni Ó fi ń ṣe é. Dìde, kí o lọ sọ ọ́ níbi tí o ti pa irọ́ náà, kí àwọn tó gbọ́ irọ́ gbọ́ òtítọ́. Bóyá ọkùnrin yìí wọlé ìbò tàbí kò wọlé, n kò ní sọ fún ọ, nítorí pé nígbà tí ó dìde ní ọjọ́ náà, òun fúnra rẹ̀ kò mọ̀.

Mọ́ṣáláṣí kún fọ́fọ́. Kámẹ́rà wà níbẹ̀, gẹ́gẹ́ bí ó ti wà ní ọjọ́ ìdúpẹ́. Kí lèmọ́mù tó bẹ̀rẹ̀ wáàsí, olórí tọrọ ọ̀rọ̀ sọ lọ́wọ́ rẹ̀. Làsísì kò bọ́ síwájú, ìtò ìkẹyìn ni ó jókòó sí, lẹ́bàá ẹnu ọ̀nà. Olórí rìn láàárín àwọn ènìyàn lọ bá a níbẹ̀. Ọ̀gágun fẹ́ tẹ̀ lé e, ó fi ọwọ́ dá a dúró. Ó dúró níwájú onítáyà náà. Ohùn rẹ̀ jáde ketekete.

"Ẹ̀yin ènìyàn mi, ọkùnrin tí ó jókòó síwájú mi yìí ni Làsísì onítáyà. Mo sọ fún yín ní pápá ìṣeré pé Ọlọ́run kó mi yọ lọ́wọ́ apààyàn. Irọ́ ni mo pa, mo sì da orúkọ Ọlọ́run mọ́ ọn. Kò sí apààyàn kankan. Ìrun ni ọkùnrin yìí wá kí. Ohun tí lèmọ́mù ní kí gbogbo wa ṣe ni ó ṣe, èmi ni n kò ṣe é. Àwọn ẹ̀ṣọ́ kò mọ̀, ẹ má bú wọn. Èmi mọ̀. Ọ̀rọ̀ kan péré ni ìbá gbà á sílẹ̀, mo sì pa á mọ́ sẹ́nu fún ọ̀sẹ̀ mẹ́fà, nítorí pé mo fẹ́ kí ẹ tún dìbò fún mi. Gbogbo ẹ̀yin tí mo mú kí ẹ bá mi dúpẹ́ ọjọ́ yẹn, mo ṣẹ̀ yín. Alàgbà Làsísì, mo ṣẹ̀ yín, mo ṣẹ ìyàwó yín, mo ṣẹ ọmọ yín tí wọ́n dá padà sílé. N kò ní àwíjàre kankan. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ dárí jì mí."